Battling Siki, ọmọ Saint-Louis tí ó gba oyè àgbáyé ní Paris

Bí a bá béèrè lọ́wọ́ àwọn ọ̀dọ́ Idigny pé ta ni ọmọ ilẹ̀ Áfíríkà tí eré ìdárayá sọ di olókìkí ní òkè òkun, orúkọ àwọn agbábọ́ọ̀lù òde òní ni wọn yóò dá. Wọn kò jẹ̀bi. Ṣùgbọ́n ó ti lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún báyìí tí ọmọ Sẹ̀nẹ̀gà kan gbé ọwọ́ sókè ní Paris, tí ẹgbẹẹgbẹ̀rún ènìyàn sì ń pariwo orúkọ rẹ̀. Òun ni ọmọ bíbí ilẹ̀ Áfíríkà àkọ́kọ́ tí ó gba oyè àgbáyé nínú ìjà ẹ̀ṣẹ́. Amadou Mbarick Fall ni orúkọ rẹ̀ nílé. Louis ni àwọn Faransé ń pè é. Orúkọ tí gbogbo ayé fi mọ̀ ọ́n ni Battling Siki. Nínú èdè Gẹ̀ẹ́sì, Battling túmọ̀ sí oníjà. Irú orúkọ bẹ́ẹ̀ wọ́pọ̀ láàárín àwọn akànṣẹ́ ìgbà náà.

Ọjọ́ kẹrìndínlógún oṣù kẹsàn-án ọdún 1897 ni wọ́n bí i ní ìlú Saint-Louis. Kí ọdún náà lè yé wa dáadáa, ẹ jẹ́ kí a rántí pé ní ọdún 1886 ni àwọn ọmọ ogun Dàhòmì fọ́ ìlú Kétu. Nígbà tí wọ́n bí Siki, Kétu ṣẹ̀ṣẹ̀ ń gbérí padà ni. Ní ti Saint-Louis, ọwọ́ àwọn Faransé ti tẹ ibẹ̀ láti ọdún 1659. Ìlú etí omi ni, níbi tí odò Sẹ̀nẹ̀gà ti ń wọ inú òkun. Ó wà lára ìlú mẹ́rin ní Sẹ̀nẹ̀gà tí àwọn ọmọ bíbí ibẹ̀ ní ẹ̀tọ́ láti dìbò yan aṣòfin kan tí yóò máa jókòó ní Paris. Àwọn mẹ́ta yòókù ni Dakar, Gorée àti Rufisque. Ẹ fi ọ̀rọ̀ yìí sọ́kàn, ẹ̀yin òǹkàwé wa, nítorí a ó padà sí i.

Ọmọdé ni Siki nígbà tí ó kúrò nílé. Ìtàn tí wọ́n sábà ń sọ ni pé obìnrin oníjó kan, ará Yúróòpù, fẹ́ràn ọmọ náà, ó sì mú un wọ ọkọ̀ ojú omi lọ sí ilẹ̀ Faransé. Kò pẹ́ tí ọmọ náà fi wá ku òun nìkan níbẹ̀. Ọmọ tí kò ní bàbá nítòsí, tí kò ní ìyá nítòsí, iṣẹ́ tí ó bá rí ni yóò ṣe. Siki ń fọ abọ́ ní ilé oúnjẹ ní àwọn ìlú etí òkun ìhà gúúsù, níbi tí Marseille wà. Níbẹ̀ ni ó ti bá àwọn akànṣẹ́ pàdé. Kí ó tó pé ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún, ó ti ń jà fún owó.

Ó yẹ kí a ṣàlàyé díẹ̀ fún àwọn tí kò rí irú ìjà yìí rí. Ìjà ẹ̀ṣẹ́ kì í ṣe ìjà ìgboro. Ó ní òfin. Àwọn méjì tí ìwọ̀n ara wọn sún mọ́ ara wọn ni a ń fi kojú ara wọn, lórí pèpéle tí a fi okùn yí ká. Ìbọ̀wọ́ tí a fi awọ ṣe ni wọ́n ń wọ̀. Ìṣẹ́jú mẹ́ta ni abala kan, wọn yóò sì sinmi fún ìṣẹ́jú kan kí òmíràn tó bẹ̀rẹ̀. Bí ẹnìkan bá ṣubú, adájọ́ tí ó wà pẹ̀lú wọn lórí pèpéle yóò kà dé ẹẹ́wàá. Bí ẹni náà kò bá dìde, ìjà parí. Bí ẹnikẹ́ni kò bá ṣubú títí dé òpin, àwọn adájọ́ yóò wo máàkì tí oníkálukú gbà. Ẹ ṣe àkíyèsí èyí: ẹ̀ṣẹ́ nìkan kọ́ ni ó ń fúnni lóyè. Ẹnu adájọ́ wà níbẹ̀.

Ogun Àgbáyé Kìíní bẹ́ sílẹ̀ ní ọdún 1914. Siki di ọmọ ogun Faransé, wọ́n sì fi í sí ẹgbẹ́ ọmọ ogun ẹlẹ́sẹ̀ kẹjọ ti àwọn ilẹ̀ àmúsìn. Ó jagun náà dáadáa. Wọ́n fún un ní àmì ẹ̀yẹ méjì nítorí ìgboyà rẹ̀, Croix de guerre àti Médaille militaire. Àmì wọ̀nyí kì í ṣe ohun tí a ń pín fún gbogbo ènìyàn bí ẹni pín ẹ̀wà.

Ogun yẹn dé ọ̀dọ̀ tiwa náà. Àwọn Faransé wá sí ilẹ̀ Kétu láti kó àwọn ọ̀dọ́ lọ sójú ogun. Ọ̀pọ̀ ìdílé di ẹrù wọn lóru, wọ́n sọdá ẹnu ààlà sí apá ibi tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì ń ṣàkóso. Àwọn Ọ̀họ̀rí tí wọ́n jẹ́ aládùúgbò wa kọ̀ jálẹ̀, wọ́n sì gbé ìjà ko ìjọba. Ìdí nìyí tí mo fi rò pé ìtàn Siki ológun kì í ṣe ìtàn àjèjì ní Idigny.

Nígbà tí ogun parí, Siki padà sí ìdí ẹ̀ṣẹ́. Láti ọdún 1919 títí dé 1922, ó jà káàkiri ilẹ̀ Faransé, Hóláńdì, Bẹ́ljíọ̀m, Jámánì àti Spéìn, ó sì borí nínú èyí tí ó pọ̀ jù lọ nínú àwọn ìjà náà. Ní ilẹ̀ Hóláńdì ni ó ti rí ìyàwó rẹ̀, Lijntje van Appelteer. Ṣùgbọ́n owó tí wọ́n ń san fún un kò tó nǹkan, orúkọ rẹ̀ kò sì tíì kúrò láàárín àwọn olólùfẹ́ ìjà ẹ̀ṣẹ́.

Ẹni tí orúkọ rẹ̀ wà lẹ́nu gbogbo ayé ní ilẹ̀ Faransé nígbà náà ni Georges Carpentier. Ọmọ agbègbè àwọn awakùsà ní àríwá ilẹ̀ Faransé ni. Nígbà ogun, ó jẹ́ awakọ̀ òfuurufú, òun náà sì gba àmì ẹ̀yẹ. Ó lẹ́wà, ó mọ aṣọ wọ̀, àwòrán rẹ̀ sì wà níbi gbogbo. Ní ọdún 1920, ó gba oyè àgbáyé láàárín àwọn tí ìwọ̀n ara wọn kò ju kílò 79 lọ. Ní oṣù keje ọdún 1921, ó lọ sí Amẹ́ríkà láti dojú kọ Jack Dempsey tí ó sanra jù ú lọ. Dempsey borí rẹ̀ ní abala kẹrin. Síbẹ̀ oyè tirẹ̀ ṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀, àwọn ènìyàn rẹ̀ sì ń fẹ́ kí ó fi ìjà tí kò le rántí ara rẹ̀ fún àwọn ará Paris. Siki ni wọ́n mú. Lójú wọn, akànṣẹ́ tí a ó tètè rí ẹ̀yìn rẹ̀ ni.

Ọjọ́ Àìkú, ọjọ́ kẹrìnlélógún oṣù kẹsàn-án ọdún 1922, ni ìjà náà wáyé ní pápá Buffalo ní Montrouge, lẹ́bàá Paris. Ọjọ́ mẹ́jọ ṣáájú ni Siki pé ọmọ ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n. Àwọn òǹwòran lé ní ọ̀kẹ́ méjì, ìyẹn ni pé wọ́n ju 40 000 lọ. Àwọn oníṣẹ́ sinimá gbé ẹ̀rọ wọn wá láti ya ìjà náà.

Ní ìbẹ̀rẹ̀, ohun tí gbogbo ènìyàn ń retí ni wọ́n rí. Carpentier ń rẹ́rìn-ín. Siki ń fi ọwọ́ bo orí, ó ń sá sẹ́yìn, ó tilẹ̀ ṣubú nígbà tí ẹ̀ṣẹ́ tí ó bà á kò jọ èyí tí ó le. Siki ṣàlàyé lẹ́yìn náà pé àdéhùn ni. Ó ní wọ́n ti sọ fún òun pé kí òun jẹ́ kí ìjà náà pẹ́ díẹ̀, kí òun sì dùbúlẹ̀ ní abala kẹrin. Àwọn ará ọ̀dọ̀ Carpentier sẹ́ kanlẹ̀. Ohun tí kò sí iyàn jíjà lórí rẹ̀ ni pé lójijì, Siki yí padà. Ẹ̀ṣẹ́ Carpentier ti ń dùn ún, ojú sì ti ń tì í. Ó dìde nílẹ̀, ó tẹ̀ síwájú, ó bẹ̀rẹ̀ sí í da ẹ̀ṣẹ́ bo ọ̀gá náà bí ẹni ń gún iyán. Ẹ̀rín kúrò lójú Carpentier. Ojú rẹ̀ kan wú, ẹ̀jẹ̀ ń ṣàn ní imú rẹ̀. Àwọn òǹwòran tí wọ́n wá wo akọni wọn dákẹ́, lẹ́yìn náà ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í kígbe fún Siki.

Ní abala kẹfà, Carpentier ṣubú lulẹ̀, kò sì lè dìde mọ́. Ìjà ti parí. Siki ti borí. Ṣùgbọ́n adájọ́ tí ó wà lórí pèpéle kò gbé ọwọ́ Siki sókè. Ó kéde pé Siki fi ẹsẹ̀ kọ́ Carpentier ni ó fi ṣubú, pé ó rú òfin, àti pé Carpentier tí ó sùn sílẹ̀ bí igi ni ó borí.

Nígbà náà ni ohun tí ẹnikẹ́ni kò retí ṣẹlẹ̀. Àwọn Faransé tí wọ́n kún pápá náà kọ̀. Ojú wọn ni ó ṣe. Wọ́n ń ké, wọ́n ń súfèé, wọn kò sì fẹ́ kúrò níbẹ̀. Àwọn adájọ́ mẹ́ta tí wọ́n jókòó nísàlẹ̀ bá fikùn lukùn. Lẹ́yìn ìjíròrò gígùn, wọ́n fagi lé ìdájọ́ tí a kọ́kọ́ kéde, wọ́n sì fi oyè àgbáyé fún Siki. Wọ́n gba oyè ilẹ̀ Yúróòpù kún un. Mo máa ń rò ó lọ́pọ̀ ìgbà pé bí kì í bá ṣe ariwo àwọn òǹwòran ọjọ́ náà, kò sí ẹni tí ì bá máa dárúkọ Siki lónìí. Àwọn òṣìṣẹ́ àti mẹ̀kúnnù Paris ni wọ́n dúró tì í, àwọn tí kò mọ̀ ọ́n rí.

Inú dídùn náà kò pẹ́. Siki lówó lọ́wọ́ fún ìgbà àkọ́kọ́, ó sì ná an. Ó wọ aṣọ olówó iyebíye, ó mu ọtí, ó ra ọtí fún ẹni tí ó mọ̀ àti ẹni tí kò mọ̀. Ó mú ọmọ kìnnìún, ó sì ń fà á kiri ojú pópó Paris bí ẹni fa ajá. Gbogbo ayé ń wò ó, ó sì dùn mọ́ ọn. Ẹ jẹ́ kí a sọ òótọ́: ọtí náà ti pọ̀ jù, owó náà sì ń lọ.

Ṣùgbọ́n ohun tí àwọn ìwé ìròyìn kọ nípa rẹ̀ ju ọ̀rọ̀ ọtí lọ. Wọ́n kọ ọ́ pé ará inú igbó ni, pé ọ̀bọ tí a wọ ìbọ̀wọ́ fún ni. Wọ́n ya àwòrán ẹlẹ́yà. Ọkùnrin yìí kan náà ti ń gbé ní ilẹ̀ Faransé láti kékeré. Ó gbọ́ èdè bíi mélòó kan. Àmì ẹ̀yẹ ogun wà láyà rẹ̀. Siki ṣàlàyé fún àwọn oníròyìn pé ìlú ńlá ni òun ti gbé ní gbogbo ọjọ́ ayé òun, pé òun kò tilẹ̀ fojú rí igbó ńlá rí, àti pé ohun tí wọ́n ń kọ ń dun òun. Ẹni tí ń kọ ìwé ìròyìn kò yí ọ̀rọ̀ rẹ̀ padà. Àwọn àgbà wa ní a gbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà. Ẹjọ́ Siki, ẹnu ẹnìkan ni ayé fi gbọ́ ọ.

Ní oṣù kọkànlá ọdún 1922 kan náà, Siki wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ pèpéle níbi tí ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan ti ń jà. Ìdájọ́ bí i nínú, ó sì gbé ọwọ́ sí máníjà ẹnìkejì. Àṣìṣe ni, kò yẹ kí ó ṣe é. Ìyà tí ó tẹ̀ lé e sì ju àṣìṣe náà lọ. Àjọ tí ń ṣàkóso ìjà ẹ̀ṣẹ́ ní ilẹ̀ Faransé ká a lọ́wọ́ kò fún ọ̀pọ̀ oṣù, wọ́n sì gba oyè lọ́wọ́ rẹ̀. Ó ti gbà láti bá Joe Beckett jà ní London. Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì kò gbà. Wọn kò fẹ́ kí aláwọ̀ dúdú àti aláwọ̀ funfun kojú ara wọn lórí pèpéle ní ìlú wọn, nítorí ẹ̀rù ń bà wọ́n pé àwọn ènìyàn ilẹ̀ àmúsìn yóò gbọ́ ọ, wọn yóò sì máa gbéra ga. Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ti ṣe ní ọdún 1911, nígbà tí Jack Johnson, ọmọ Amẹ́ríkà aláwọ̀ dúdú, fẹ́ jà níbẹ̀.

Nísinsìnyí ni ọ̀rọ̀ ìlú mẹ́rin tí a sọ lókè wúlò. Nítorí pé Saint-Louis ní aṣòfin ní Paris, Siki rí ẹni tí yóò tọ̀ lọ. Blaise Diagne ni aṣòfin náà, ọmọ Gorée, tí wọ́n dìbò yàn ní ọdún 1914. Diagne ni ó tún gba iṣẹ́ lọ́wọ́ ìjọba ní ọdún 1918 láti kó àwọn ọ̀dọ́ Áfíríkà wọ iṣẹ́ ológun. Ó dìde nílé aṣòfin, ó gbèjà Siki, ó sì gbé ọ̀rọ̀ àdéhùn ìkọ̀kọ̀ náà síwájú gbogbo ilé. Ó sọ fún wọn pé nítorí àwọ̀ ara Siki ni wọ́n fi ń fìyà jẹ ẹ́. Ìjọba Faransé kò dá oyè padà fún un, ṣùgbọ́n a gbọ́ ohùn rẹ̀. Ọmọ Kétu tí irú rẹ̀ bá ṣẹlẹ̀ sí nígbà náà, kò sí aṣòfin tí ì bá tọ̀ lọ.

Siki nìkan kọ́ ni ó rí irú nǹkan bẹ́ẹ̀ ní Paris. Ní ọdún 1923, Kojo Tovalou Houénou, ọmọ Àjàṣẹ́, agbẹjọ́rò tí ó kàwé dáadáa, wà ní ilé fàájì kan ní Montmartre. Àwọn àlejò ará Amẹ́ríkà kò fẹ́ kí aláwọ̀ dúdú wà níbẹ̀, wọ́n sì tì í jáde. Ọ̀kan jẹ́ akànṣẹ́, èkejì jẹ́ ọ̀mọ̀wé, ojú kan náà ni wọ́n fi wò wọ́n. Ọ̀dọ́mọkùnrin Vietnam kan tí ń gbé Paris, tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Nguyen Ai Quoc, kọ̀wé nípa ọ̀rọ̀ Siki nínú ìwé ìròyìn Le Paria. Ayé wá mọ ọ̀dọ́mọkùnrin náà sí Ho Chi Minh lẹ́yìn náà.

Faransé ti tilẹ̀kùn, Gẹ̀ẹ́sì ti tilẹ̀kùn. Ibi tí ó ṣí sílẹ̀ ni ìlú Dublin ní ilẹ̀ Írẹ́lándì. Siki gbà láti fi oyè rẹ̀ wéwu níbẹ̀ ní ọjọ́ kẹtàdínlógún oṣù kẹta ọdún 1923. Ọjọ́ àjọ̀dún Patrick Mímọ́ ni, ọjọ́ tí ó tóbi jù lọ fún àwọn ará ilẹ̀ náà. Ẹni tí yóò bá a jà, Mike McTigue, ọmọ ilẹ̀ wọn ni. Lórí gbogbo èyí, ogun abẹ́lé ń lọ lọ́wọ́ ní Írẹ́lándì. Àwọn ọlọ̀tẹ̀ ju ohun abúgbàmù nítòsí gbọ̀ngàn náà ní alẹ́ ìjà. Àwọn ọmọ ogun yí ilé náà ká pẹ̀lú ìbọn. Abala ogún ni wọ́n jà. Ẹnikẹ́ni kò ṣubú tí kò dìde. Adájọ́ ka máàkì, ó sì fún McTigue. Títí di òní, àwọn tí ń kọ ìtàn ìjà ẹ̀ṣẹ́ máa ń fi Siki ṣe àpẹẹrẹ òmùgọ̀, pé ta ni yóò lọ bá ọmọ Írẹ́lándì jà ní Dublin ní ọjọ́ Patrick Mímọ́. Lójú tèmi, ẹni tí ó kù síbi kan ṣoṣo láti ta ọjà rẹ̀ kì í yan ọjọ́ ọjà.

Oyè náà kò pé oṣù mẹ́fà lọ́wọ́ Siki.

Ní oṣù kẹsàn-án ọdún 1923, ó wọ ọkọ̀ ojú omi lọ sí Amẹ́ríkà. Ó jà níbẹ̀ lọ́pọ̀ ìgbà, ṣùgbọ́n agbára ti ń dín kù. Ní oṣù kọkànlá ọdún náà, Kid Norfolk borí rẹ̀ ní New York. Ní oṣù kẹta ọdún 1925, Paul Berlenbach lù ú títí adájọ́ fi dá ìjà dúró. Ó fẹ́ obìnrin mìíràn ní Amẹ́ríkà nígbà tí Lijntje ṣì ń retí rẹ̀ ní Yúróòpù. Ọtí kò dáwọ́ dúró. Ọ̀pọ̀ ìgbà ni àwọn ọlọ́pàá mú un nítorí ìjà ní ilé ọtí. Síbẹ̀, àwọn aládùúgbò rẹ̀ sọ pé ó lawọ́, pé ó máa ń fi owó rẹ̀ fún aláìní títí apò rẹ̀ yóò fi gbẹ.

Ní òru ọjọ́ kẹẹ̀ẹ́dógún oṣù kejìlá ọdún 1925, wọ́n bá òkú Siki lójú títì kan ní New York, ní òpópó kọkànlélógójì, nítòsí ibi tí ó ń gbé. Wọ́n ti yìnbọn fún un lẹ́yìn. Ọmọ ọdún méjìdínlọ́gbọ̀n ni. Ilé ẹjọ́ kò dá ẹnikẹ́ni lẹ́bi ikú rẹ̀. Mùsùlùmí ni Siki nínú ìdílé rẹ̀. Wọ́n ṣe ìsìn òkú rẹ̀ ní Harlem, pásítọ̀ gbàdúrà, àwọn Mùsùlùmí náà kírun sí i lára. Wọ́n sin ín sí itẹ́ òkú Flushing ní apá Queens, láàárín àwọn tí kò mọ ilé rẹ̀.

Ibẹ̀ ni ó wà fún ọdún méjìdínláàádọ́rin. Ní ọdún 1993, wọ́n hú egungun rẹ̀, wọ́n gbé e kọjá òkun, wọ́n sì sin ín sí Saint-Louis, ìlú odò tí ó ti kúrò nígbà tí ó ṣì jẹ́ ọmọdé.